Sí Ìmórù, Nípa Pàláàkì Tí Kì í Ṣe Ti Ọkọ̀ Rẹ̀

Manigri,
ní ìbẹ̀rẹ̀ àsìkò iṣu tuntun

Ìmórù, ọmọ mi, àkọ́bí mi,

Lẹ́tà rẹ dé lọ́wọ́ awakọ̀ tó gbé iyọ̀ kọjá níbí lọ́jọ́ Ìṣẹ́gun. Ara gbogbo wa le. Ìyá rẹ ní kí n kọ́kọ́ bi ọ́ bóyá o ń jẹun, mo sì ti bi ọ́ yìí. Mo ka lẹ́tà náà lẹ́ẹ̀mejì. Nígbà àkọ́kọ́, mo rẹ́rìn-ín. Nígbà kejì, ẹ̀rín náà kò wá mọ́.

Ohun tó pa mí lẹ́rìn-ín ni òǹtẹ̀ tí o lù sókè ìwé: “Ilé Iṣẹ́ Ìrìnnà Ìmórù àti Àwọn Ọmọ.” Ọmọ wo, Ìmórù? O kò tíì gbé ìyàwó. Nígbà tí ìyá rẹ gbọ́ “àti àwọn ọmọ”, ńṣe ló dìde dúró, ó ní kí n tún ibẹ̀ kà. Mo ní òǹtẹ̀ lásán ni. Ó ní, “Ẹ sọ fún un kó fi òǹtẹ̀ náà bí ọ̀kan fún mi kí n rí i.” Iṣẹ́ tó rán mi nìyẹn, mo ti jẹ́ ẹ.

Mo bá ọ yọ̀ nítorí ọkọ̀ akẹ́rù náà. Ó ti pẹ́ tí ìdílé wa ti ń ru iṣu lórí. Bí ọmọ wa bá wá ní ọkọ̀ tí yóò máa kó o láti Manigri dé Parakou, orí bàbá mi á wú nínú sàréè. Ṣùgbọ́n ojú ìwé kẹta lẹ́tà rẹ ni mo fẹ́ dáhùn. O kọ ọ́ báyìí: “Bàbá, ẹ má ṣe ìyọnu nípa ìwé ọkọ̀. Mo ti yọ pàláàkì tó gbé nọ́ḿbà kúrò lára ọkọ̀ kan tó ti kú sí àgbàlá ẹni tó ta tèmi fún mi, mo máa kàn án mọ́ tèmi títí àsìkò iṣu yóò fi kọjá. Ràímì ọmọ Bàbá Àjàyí àbúrò yín ni yóò máa wà á. Bí gáàdì bá dá a dúró ní Bassila, ẹ̀yin ẹ ṣáà lọ bá wọn sọ Faransé díẹ̀, wọ́n bọ̀wọ̀ fún yín.”

Rárá, Ìmórù. Má kàn án.

Mo mọ̀ pé rárá tó ti ẹnu olùkọ́ tó ti fẹ̀yìn tì jáde kò wọ́n. Wàá ní, “Bàbá ti tún bẹ̀rẹ̀.” Nítorí náà, màá fi ìdí rẹ̀ sí i, bó tilẹ̀ jẹ́ pé n kò sọ ọ́ fún ẹnikẹ́ni rí, àní ìyá rẹ pàápàá. Mo ti sọ ọ̀pọ̀ nǹkan fún àwọn ọmọ ilé ẹ̀kọ́ láyé mi pẹ̀lú pàṣán lọ́wọ́. Èyí, ojú ń tì mí kí n tó kọ ọ́, ojú á sì máa tì mí lẹ́yìn rẹ̀.

Jẹ́ kí n ti ìmọ̀ràn bẹ̀rẹ̀, torí ìyẹn ló rọ̀ mí lọ́rùn. Èkínní: kí táyà ọkọ̀ náà tó yí, forúkọ rẹ̀ sílẹ̀, ní orúkọ ìwọ tí o ni ín. Kì í ṣe orúkọ Ràímì, kì í ṣe ti òkú ọkọ̀. Lọ bá ẹni tó tà á fún ọ, kó fọwọ́ sí ìwé títà. Gbé ọkọ̀ lọ fún mẹkaníìkì ìjọba kó wò ó, kó ka nọ́ḿbà tó wà lára ẹ́ńjìnnì, kó sì fi wé èyí tó wà nínú ìwé. San owó tẹ́ńbù tí wọ́n ń lẹ̀ mọ́ ìwé, san owó pàláàkì, san pàtáǹtì tí oníṣòwò ń san. Nígbà náà ni wọn yóò fún ọ ní káàtì gíríìsì, ìwé aláwọ̀ eérú tó ń sọ ẹni tó ni ọkọ̀. Akọ̀wé tó wà ní bíró, ọ́fíìsì wọn, yóò wò ọ́ láti òkè délẹ̀ bí ẹni pé òun ló bí ìjọba. Yóò ní kí o padà wá lọ́la nítorí pé òun ń mu kọfí. Padà lọ lọ́la. Kí i. Kọfí kì í pẹ́ kó tó tán, bíró kan náà ni yóò sì ṣì wà níbẹ̀.

Èkejì: owó tí wọ́n ń gbà lórí ìwé kò lè pọ̀ tó ìtìjú àìsan án. Ibí ni ọ̀rọ̀ mi wà.

Kí ogun òyìnbó tó dé, nígbà tí ìwọ ṣì ń rá, mò ń kọ́ni nílé ẹ̀kọ́ Bassila. Kẹ̀kẹ́ ni ọkọ̀ akẹ́rù ayé ìgbà náà. Ìjọba ní kí ẹni tó bá ní kẹ̀kẹ́ máa sanwó lọ́dọọdún, kó gba pàláàkì, páànù pẹlẹbẹ kan tí wọ́n tẹ nọ́ḿbà sí, kó sì dè é mọ́ ọrùn kẹ̀kẹ́ níwájú, níbi tí ojú gáàdì yóò ti tó o. Nínú agbolé wa, èmi àti Àjàyí àbúrò mi ni a ní kẹ̀kẹ́. Owó oṣù ni mo fi ra tèmi. Ọdún mẹ́ta ni Àjàyí fi gbin iṣu kó tó ra tirẹ̀.

Lọ́dún tí mò ń sọ yìí, Àjàyí fẹsẹ̀ rìn láti Manigri dé Bassila, torí kò fẹ́ gun kẹ̀kẹ́ tí kò tíì san owó rẹ̀. Ó tò sórí ìlà láti àárọ̀ títí oòrùn fi kan àtàrí. Ó san, ó gba pàláàkì, ó dì í sí etí aṣọ, ó fẹsẹ̀ rìn padà wálé. Mo ní ẹ̀mú, òun kò ní. Èmi ni mo bá a fi wáyà dè é mọ́ ọrùn kẹ̀kẹ́. Ó dúró tì mí, ó ń wo nọ́ḿbà tí kò lè kà bí ẹni ń wo ojú ọmọ tuntun.

Èmi tí mò ń gbé ní Bassila gan-an, tí wọ́n ń gbọ́ agogo ilé ẹ̀kọ́ mi níbi tí wọ́n ti ń gbowó, èmi ni n kò san. Kì í ṣe pé n kò ní in. Sìgá oṣù méjì ì bá tó o san. Ìlà ni n kò fẹ́ tò. Èmi tí wọ́n ń fi Faransé pè ní Músé bí ọ̀gá, tí mò ń dé akoto funfun, kí n wá dúró sẹ́yìn àgbẹ̀ tó gbé adìẹ sábẹ́ apá? Mo gbà pé wọ́n máa ránṣẹ́ pè mí sínú yàrá, wọ́n á fún mi ní àga. Oṣù mẹ́rin ni mo fi dúró de àga náà.

Lọ́jọ́ Rú kan, ìròyìn dé pé Kòmándà, òyìnbó tó ń ṣàkóso agbègbè wa, ń bọ̀ láti Djougou lọ́jọ́ Ẹtì, pé yóò wo ilé ẹ̀kọ́, yóò sì wo kẹ̀kẹ́ àwa òṣìṣẹ́ ìjọba lọ́kọ̀ọ̀kan. Láyé ìgbà náà, a kì í kọ́ ẹ̀kọ́ lọ́jọ́ Bọ̀. Mo gun kẹ̀kẹ́ wá sí Manigri, mo ní mo wá kí bàbá wa. Àjàyí wà lóko. Kẹ̀kẹ́ rẹ̀ fara ti ògiri. Mo mú ẹ̀mú, mo tú wáyà tí mo fọwọ́ ara mi dì, mo yọ pàláàkì, mo fi í sápò láti lọ dè é mọ́ tèmi. Mo ní nínú ara mi pé Àjàyí kì í gun kẹ̀kẹ́ àfi lọ́jọ́ ọjà, pé kí ọjà tó pé, màá ti dá a padà. Mo ní mo yá a ni. Àgbẹ̀ tí kò mọ̀wé ló ń jalè, Ìmórù. Àwa ọ̀mọ̀wé máa ń yá nǹkan ni.

Ohun tí gbogbo Manigri mọ̀, tí n kò mọ̀, ni pé baálẹ̀ ti pín iṣu tí wọn yóò fi bọ́ Kòmándà àti èrò rẹ̀ láàrin àwọn agbolé, bàbá wa sì ti ní kí Àjàyí gbé ìpín tiwa lọ. Ká ní mo jókòó, ká ní mo béèrè pé kí ló ń ṣẹlẹ̀ nílé, wọn ì bá sọ fún mi. Mo ní mò ń kánjú.

Bí ilẹ̀ ọjọ́ Ẹtì ṣe mọ́, Àjàyí di iṣu sẹ́yìn kẹ̀kẹ́, ó so agbọ̀n síwájú, agbọ̀n bo ọrùn kẹ̀kẹ́ mọ́lẹ̀. Kò yẹ ibẹ̀ wò. Ta ní ń yẹ ohun tó ti sanwó rẹ̀ wò? Nígbà tí ó dé ẹnu ọ̀nà Bassila, gáàdì ní kó gbé agbọ̀n kúrò.

Wọ́n ránṣẹ́ pè mí nílé ẹ̀kọ́ pé kí n wá túmọ̀ ọ̀rọ̀. Ògbufọ̀ Kòmándà gbọ́ Dẹ́ndì, ó gbọ́ Bàríbà, kò gbọ́ èdè tiwa. Kò sí ẹni tó sọ orúkọ ẹni tí wọ́n mú fún mi. Mo nu bàtà mi, mo dé akoto, mo gun kẹ̀kẹ́ lọ tayọ̀tayọ̀, pàláàkì ń dán níwájú mi.

Kòmándà jókòó lábẹ́ igi máńgòrò níwájú ilé àlejò ìjọba. Àjàyí wà nílẹ̀, iṣu wa lẹ́gbẹ̀ẹ́ rẹ̀. Bó ṣe rí mi, ojú rẹ̀ tàn.

“Ẹ̀gbọ́n! Ọlọ́run ló rán yín wá. Ẹ bá mi sọ fún òyìnbó yìí. Gáàdì ní n kò ní pàláàkì.”

Gáàdì kò gbọ́ èdè wa, ṣùgbọ́n ó gbọ́ “pàláàkì”; ó nawọ́ sí kẹ̀kẹ́, ó fi Faransé ní, “Ẹnu rẹ̀ ló ní in. Kẹ̀kẹ́ rẹ̀ kò ní.”

“Mo ní in! Mo sanwó. Ẹ̀gbọ́n mi tó dúró yìí ló bá mi dè é, ẹ bi í!”

Kòmándà bi mí pé kí ló wí. Mo ní ó ní òun ní pàláàkì, ó ní òun ti sanwó. Mo dúró síbẹ̀. Ìyókù, mo gbé e mì. Kòmándà ní, “Bi í bóyá ó ní ẹlẹ́rìí.”

Mo yíjú sí àbúrò mi. Mo ní, “Ó ní ṣé o tún ní ọ̀rọ̀ mìíràn.”

Àjàyí wò mí, ó yà á lẹ́nu. “Ọ̀rọ̀ wo ló tún kù lẹ́nu mi, ẹ̀gbọ́n? Mo ti ní kí wọ́n bi yín.”

Mo yíjú padà. Mo ní, “Kò ní ẹlẹ́rìí.”

Kòmándà kò mọ̀ pé ọmọ ìyá kan náà ni wá, n kò sì sọ. Ó kọ ọjọ́ mẹ́ẹ̀ẹ́dógún lẹ́nu iṣẹ́ ọ̀nà fún Àjàyí, ó ní kí wọ́n gba kẹ̀kẹ́ lọ́wọ́ rẹ̀. Lẹ́yìn náà ó bi mí níbi tí mo ti kọ́ Faransé, ó ní ó dán mọ́rán. Mo dúpẹ́. Mo tẹrí ba. Àwọn àgbà ní ẹni tí a ní kó kín ni lẹ́yìn, ó fi ẹ̀gún sọ́wọ́. Bí ẹnikẹ́ni bá bi ọ́ bí irú ẹni bẹ́ẹ̀ ṣe ń múra, sọ pé akoto funfun ló ń dé.

Èyí tó burú jù kò tíì dé. Lọ́jọ́ kẹta, mo ní iṣẹ́ kan ní Pénéssoulou. Ọ̀nà ibẹ̀ ni wọ́n ń tún ṣe. Mo bá wọn níbi tí wọ́n ti ń ru òkúta, Àjàyí wà láàrin wọn. Ó sọ tirẹ̀ kalẹ̀, ó yà sínú koríko kí n lè ráyè kọjá. Ó ní, “Ẹ kú ìrìn o, ẹ̀gbọ́n.” Pàláàkì rẹ̀ wà níwájú mi, ojú rẹ̀ wà lára rẹ̀. Nọ́ḿbà kò yé e. Mo ní, “O kú iṣẹ́,” mo sì ń wa kẹ̀kẹ́ lọ.

Nígbà tí wọ́n dá a sílẹ̀, mo lọ san owó ìtanràn, mo gba kẹ̀kẹ́ rẹ̀ jáde, mo ra pàláàkì tuntun fún un, mo sì ra tèmi. Mo tò sórí ìlà lọ́jọ́ náà, kò sí ẹni tó kú. Gbogbo Manigri ń yìn mí: ẹ ò rí ẹ̀gbọ́n gidi bí? Àjàyí gbé adìẹ kan wá, ó dọ̀bálẹ̀ gbọọrọ, ó dúpẹ́ lọ́wọ́ mi. Mo gba adìẹ náà. Ìyá rẹ sè é. Mo jẹ ẹ́, Ìmórù, mo tún ní kó bu ọbẹ̀ sí i.

Wàá ti rí ìdí tí ojú ìwé kẹta rẹ fi gbà mí lẹ́rìn-ín lẹ́nu. Pàláàkì tí kì í ṣe ti ọkọ̀ tó gbé e, ọmọ ilé Àjàyí tí yóò gbé e kiri, èmi tí màá lọ “sọ Faransé díẹ̀” ní Bassila. Bí ẹni tó mọ ìtàn náà lo ṣe to gbogbo rẹ̀ jọ. Mo sì mọ̀ pé o kò mọ̀ ọ́n. Àṣìṣe náà kò ṣòro, ẹnikẹ́ni lè dé ibẹ̀. Ohun tó ń gbéni débẹ̀ ni èrò pé ìyà ìwé tí èmi kò ṣe yóò máa wá èmi. Kì í wá ẹni tó ṣẹ̀. Ẹni tó bá wà lẹ́yìn ìdarí ọkọ̀ ló ń bá.

Nítorí náà, bí o bá fẹ́ kí n máa kà á, ẹ̀kẹta nìyí: má fi awakọ̀ rẹ sójú ọ̀nà pẹ̀lú ohun tí ìwọ fúnra rẹ kò lè fi han gáàdì ní ojú ọ̀sán. Rí i pé Ràímì ní pẹ̀rìmí tirẹ̀, ìwé tó fún un láṣẹ láti wakọ̀, kó tó jókòó sídìí ọkọ̀. Fi káàtì gíríìsì sínú agolo kí òjò má bà á jẹ́, kí agolo náà sì wà nínú ọkọ̀, kì í ṣe lábẹ́ ìrọ̀rí rẹ ní Parakou. Bí ọdún bá ń parí lọ, san tuntun kí wọ́n tó béèrè. Bí àsìkò iṣu bá kọjá kí ìwé tó jáde, jẹ́ kó kọjá. Iṣu máa ń ta lọ́dún tó ń bọ̀.

Ẹ̀kẹrin kò ní nǹkan ṣe pẹ̀lú ọkọ̀. Bí Ọlọ́run bá fún ọ ní èdè tí àwọn ará ilé rẹ kò gbọ́, ẹrù wọn ló gbé lé ọ lórí. Má sọ apá kan rẹ̀ nù lójú ọ̀nà.

Ibí ni mo kọ ọ́ dé lánàá. Mo fẹ́ lẹ àpò ìwé, ọwọ́ mi kọ̀. Mò ń sọ fún ọ ohun tí mo ṣe fún Àjàyí, Àjàyí fúnra rẹ̀ kò sì tíì gbọ́. Lówùúrọ̀ yìí mo gbé lẹ́tà náà lọ sí ilé rẹ̀.

Ó jókòó níwájú ilé, ó ń gé èbù iṣu. Mo ní mo fẹ́ ka ìwé kan sí i létí. Ó ní, “Ẹ kà á, ẹ̀gbọ́n, ọwọ́ mi ló ń ṣiṣẹ́, etí mi ṣófo.” Nígbà tí mo kà dé òǹtẹ̀ rẹ, ó rẹ́rìn-ín títí omi fi jáde lójú rẹ̀, ó ní, “Ìmórù! Àti àwọn ọmọ!” Nígbà tí mo kà dé ẹ̀mú àti wáyà, ọ̀bẹ dúró lọ́wọ́ rẹ̀. N kò gbójú sókè. Mo kà á tán.

Ó gé èbù tó wà lọ́wọ́ rẹ̀ tán.

“Ẹ̀gbọ́n, ǹjẹ́ bàbá wa mọ̀ kó tó kú?”

“Kò mọ̀.”

“Ó ní mo ná owó pàláàkì náà ni. Mo ní mo san án, mo ní màá búra. Ó ní kí n má fi orúkọ Ọlọ́run búra èké.” Ó nu ọ̀bẹ sí ṣòkòtò rẹ̀. “Títí ó fi kú, kò fi owó orí agbolé rán mi sí Bassila mọ́. Ọmọ ará ilé kejì ló ń rán.”

Mo bẹ̀rẹ̀ sí sọ pé kó dárí jì mí. Ó gbọ́wọ́ sókè, bí ìgbà tí ènìyàn bá ń dá ẹṣin dúró. Ó mú àdá rẹ̀, ó gba ọ̀nà oko lọ. Kò sọ pé ó dàbọ̀. Ó fi èbù sílẹ̀ nínú oòrùn, Àjàyí tí kò fi èbù sínú oòrùn rí láyé rẹ̀. Mo kúnlẹ̀, mo ń kó wọn lọ sábẹ́ òrùlé lọ́kọ̀ọ̀kan.

Ibẹ̀ ni mo wà tí Ràímì fi jáde. Ó ti gbọ́ gbogbo rẹ̀ láti inú ilé. Kò bá mi kó èbù. Ó ní, “Bàbá, ẹ bá mi sọ fún Ìmórù pé n kò wa ọkọ̀ náà.” Gbogbo ohun tó sọ nìyẹn, mo sì kọ ọ́ bó ṣe sọ ọ́, n kò yọ ohunkóhun kúrò.

Ọkọ̀ rẹ kò ní awakọ̀ báyìí. Kò sí Faransé tí mo gbọ́ tó lè dá Ràímì padà fún ọ. Ìwé nìkan ló lè ṣe é, bí òun náà bá fẹ́. Nígbà tí o bá gbà á, má fi ránṣẹ́. Mú un wá fúnra rẹ, kó o sì kọ́kọ́ lọ sí ilé Àjàyí kó o tó yà sí tèmi. Dọ̀bálẹ̀ fún un. Kò ní bi ọ́ léèrè ohunkóhun, torí bẹ́ẹ̀, ìwọ ni kó o fi ìwé náà lé Ràímì lọ́wọ́. Ràímì lọ sí ilé ẹ̀kọ́, ó mọ̀wé. Kó ka orúkọ tó wà lórí rẹ̀ àti nọ́ḿbà rẹ̀ sí bàbá rẹ̀ létí láti ìbẹ̀rẹ̀ dé òpin.

Má jẹ́ kí ẹnikẹ́ni wá pè mí pé kí n wá kà á.

Èmi ni,
bàbá rẹ